Má Pa Kọ̀ǹpútà Yẹn

Musonda, má pa kọ̀ǹpútà yẹn o! Géèmù ogun tí èmi àti bàbá rẹ jọ máa ń gbá, tí o ní, "Màmá, kọ̀ǹpútà tuntun ò lè gbé e, ẹ jẹ́ n pa á rẹ́," ó ti ṣí láàárọ̀ yìí kí o tó jí. Mo yí ètò kọ̀ǹpútà náà padà kó máa ṣe bíi kọ̀ǹpútà àtijọ́ fún géèmù náà, ó sì gbà. Àwọ̀ ojú géèmù náà rí wúruwùru. Má bá mi tún un ṣe. Oúnjẹ rẹ, nshima àti ẹja kapenta, wà nínú ìkòkò. Ìlú tí bàbá rẹ kọ́ sínú géèmù náà kó tó kú ṣì wà níbẹ̀. Ọ̀tá ti yí i ká, ṣùgbọ́n ìlú ọkọ mi kò ní í bọ́ sọ́wọ́ wọn lójú mi.

Ìyá rẹ