Obìnrin Tó Gba Ilé Mi Nínú Sinimá

Ọmọ mi àtàtà, ọkọ mi,

Ṣé dáadáa lo wà? Ṣé ara le, ṣé iṣẹ́ eré tí o ń bá ìjọba ṣe ń lọ geere? Tiwa ò burú, ẹni tó bá jí tó fẹsẹ̀ ara rẹ̀ rìn lásìkò ogun yìí, kó yáa máa dúpẹ́. Ọlọ́run tó ń ṣọ́ wa níbí á máa ṣọ́ ọ lọ́hùn-ún. Aránṣọ ọ̀kánkán ilé wa ní kí n kí ọ. Ẹ̀rọ rẹ̀ ti bàjẹ́, ẹnu rẹ̀ nìkan ló kù tó ń ṣiṣẹ́.

Ọkọ̀ sinimá ìjọba wá o! Wọ́n fi aṣọ funfun bo ògiri ilé ẹ̀kọ́, la bá rí ọ nínú aṣọ sójà, o sanra dáadáa, mo sì ń pariwo fún gbogbo ayé pé èmi ni mo bí i. Àfi gbàù! Ọ̀tá yìnbọn fún ọ, o ṣubú. Háà! Mo fò mọ́ aṣọ náà, díẹ̀ ló kù kí n fà á ya. Ọ̀gbẹ́ni tó ń fi sinimá hàn ló dì mí mú, ó ní eré ni, pé o dìde lẹ́yìn náà, o gbọn yẹ̀pẹ̀ nù, o sì lọ mu tíì. Mo jó títí bàtà fi bọ́ lẹ́sẹ̀ mi.

Ṣùgbọ́n ohun kan ń dùn mí. Nígbà tí o kú tán nínú sinimá náà, ìjọba fún ìyá rẹ ní ilé tuntun tí páànù rẹ̀ ń dán yanran, wọ́n fi wàrà àti dókítà ọ̀fẹ́ kún un, wọ́n ní bí ìjọba ṣe ń tọ́jú ẹbí ẹni tó gbèjà ìlú nìyẹn. Ta ni obìnrin tẹ́ẹ́rẹ́ tí o ń pè ní ìyá yẹn? Ọjọ́ wo ló gbé oyún rẹ? Ó gba kọ́kọ́rọ́ ilé mi, kò tilẹ̀ sunkún dáadáa! Èmi rèé, tí òjò bá ti ṣú, mo ń to abọ́ káàkiri yàrá bí ẹni ń pàtẹ ọjà.

Nígbà tílẹ̀ mọ́, èmi àti aránṣọ gba ọ́fíìsì kánsù lọ, mo ní kí wọ́n gba ilé náà lọ́wọ́ onítọ̀hún fún ẹni tó bímọ. Akọ̀wé ní lóòótọ́ ni ilé wà fún ìyá sójà tó bá kú, pé ṣé ọmọ mi ti kú? Aránṣọ ń gún mi ní ìhà pé kí n tètè sọ pé bẹ́ẹ̀ ni, ṣebí gbogbo wa la jọ rí i. Mo la ẹnu láti sọ ọ́, ni mo bá rántí bí o ṣe ṣubú lára ògiri yẹn. Mo bá ní ọmọ mi wà láàyè, kì í ṣe òkú, ni mo bá ń rẹ́rìn-ín lọ sílé nínú òjò.

Bá mi kí obìnrin yẹn, ní kó gbádùn ilé rẹ̀. Bí nǹkan bá wà lọ́wọ́ rẹ, fi owó páànù ránṣẹ́, kékeré kọ́ ni omi tó ń wọlé. Kí o sì sọ fún ọ̀gá rẹ pé nígbà mìíràn, kí wọ́n yìnbọn fún ẹlòmíràn. Rárá o, ẹlòmíràn náà ní ìyá. Kí wọ́n yáa jẹ́ kí gbogbo yín délé.

O ò ní kú ikú eré, o ò ní kú tòótọ́. Wàá sin mí.

Èmi ni ìyá rẹ, èyí tó bí ọ gan-an.