Àrá Sán Kí Ìtàn Màmá Tó Parí

                                        Lukachukai,
                                        Arizona.
                                        Ọjọ́ Kejìlá, Oṣù Kẹta, 2019.

Delbert, ọmọ ìyá mi ọ̀wọ́n,

Báwo ni iṣẹ́ ojú irin? Ṣé ẹsẹ̀ rẹ tó wú ti fà? Charlene ńkọ́, àwọn ọmọ ńkọ́? Ara àwa náà le. Àwọn àgùntàn ti ń bímọ, ẹrẹ̀ ò sì jẹ́ ká rìn.

Mo fẹ́ kí o gbọ́ ọ̀rọ̀ fíìmù Verna àbúrò rẹ lẹ́nu mi, kí àwọn ará Chinle tó bù mọ́ ọn fún ọ.

Látìgbà tí òjò dídì ti bọ́ ló ti ń ya Màmá Àgbà bí wọ́n ṣe ń pa ìtàn Ajá-igbó, èyí gígùn tí àwọn nìkan mọ̀ délẹ̀ ládùúgbò wa. Lọ́jọ́ Sátidé, ó ku díẹ̀ kí wọ́n parí ẹ̀ ni àrá àkọ́kọ́ lọ́dún yìí sán lórí òkè. Màmá panu mọ́. Verna pa kámẹ́rà.

Ọ̀gbẹ́ni Kessler tó ń náwó sí fíìmù náà ní kí wọ́n ṣáà sọ ìyókù. "Àrá tó sán lọ́nà jíjìn yẹn, ta ló gbọ́ ọ?"

Màmá ní, "Ejò gbọ́. Ó ti jí. Ìgbà òtútù tó bá ń sùn nìkan là ń pa ìtàn yìí. Ṣé ìwọ lo máa bá mi lé e tó bá wọlé wá?"

Ọkùnrin náà wá ní arúgbó ni wọ́n, bí wọ́n bá kú kí òtútù tó padà dé ńkọ́? Lójú wọn! Mo ní kó dìde, kó gbé ikú ẹ̀ lọ sílé ẹ̀. Verna ní kí n jókòó, ṣùgbọ́n òun fúnra ẹ̀ ló ṣílẹ̀kùn fún un. Ó ní òun ò lè ya ìtàn òtútù lẹ́yìn tí àrá ti sán, kóun sì tún wojú ará ilé.

Màmá ní, "Ó fẹ́ sin mí, kò tíì jẹ ọbẹ̀ mi tán!"

Kessler ti yọwọ́. Verna ti gba iṣẹ́ ìdáná nílé ìwé. Ẹ̀rù ṣì ń bà á, torí Màmá ń húkọ́. Ó bi wọ́n pé ta ló tún mọ ìparí ìtàn náà. Wọ́n ní, "Mo ti pa á fún yín rí. Ìwọ sùn, ò ń họnrun. Delbert ló lajú sílẹ̀ dópin." Èmi ò sí níbẹ̀, ọ̀dọ̀ bàbá mi ni mo wà ní Shiprock.

Gbogbo ilé ń kí ọ. Bá mi kí Charlene.

Bí o bá rántí ìparí ẹ̀, má kọ ọ́ sínú lẹ́tà o. Àrá ti sán. Tọrọ ìsinmi lọ́wọ́ ọ̀gá rẹ, kí o máa bọ̀ wálé bí òjò dídì bá tún bọ́.

Èmi tí kì í fọ̀rọ̀ pamọ́ fún ọ,
Leland