Fúláàṣì Tí Mo Rí He Lẹ́nu Géètì

Ọmọ mi àtàtà,

Ṣé àlàáfíà lo wà? Ṣé iṣẹ́ ń lọ déédéé? Orí mi kò ní jẹ́ kí ìlú ńlá gbé ọ mì. Wá ibi jókòó sí kí o tó ka èyí tó kàn, ọ̀rọ̀ náà wúwo: ìdérí onírọ́bà tó wà lórí ìgò òróró ìyá rẹ ti di àwátì. Èmi ni mo gé e wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́ lọ́jọ́ Ajé, ìyá rẹ kò sì tíì bá mi sọ̀rọ̀ láti ìgbà náà.

Àṣẹ rẹ ni mo tẹ̀ lé. Ìwọ lo ní kí n dí gbogbo ihò ara kọ̀ǹpútà ilé ìwé tí mo ti jẹ́ akọ̀wé, kí ẹnikẹ́ni má baà ti ohun tí kò mọ orírun rẹ̀ bọ̀ ọ́, torí ibẹ̀ ni àrùn ń gbà wọlé. Ihò mẹ́rin ni. Mo fi ìdérí náà dí mẹ́ta, mo fi ọ̀kan sílẹ̀ kó lè máa mí.

Nígbà tó di ọjọ́ Ìṣẹ́gun, mo rí fúláàṣì kan he lẹ́nu géètì, wọ́n kọ ọ́ sí i lára pé owó oṣù àwọn ọ̀gá ló wà níbẹ̀, àṣírí ni. O mọ̀ pé èmi kì í ṣe olófòófó. Mo kàn fẹ́ mọ ẹni tó ni ín kí n lè dá a padà fún un ni mo ṣe tì í bọ ihò tó ń mí. N kò rí orúkọ ẹnì kankan níbẹ̀, àfi bí orúkọ ọgọ́rin ọmọ tó fẹ́ ṣe ìdánwò àṣekágbá, tó wà nínú kọ̀ǹpútà wa, ṣe di ipasẹ̀ èèrà lójú mi.

Mo ní bóyá kọ̀ǹpútà tiwa ni kò mọ onífúláàṣì yìí, ni mo bá mú fúláàṣì náà lọ sọ́dọ̀ nọ́ọ̀sì ilé ìwé, mo tì í bọ tirẹ̀, mo tún ya ọ̀dọ̀ atẹ̀wé tó wà lẹ́bàá ọ̀nà. Tiwọn náà kò mọ̀ ọ́n, ńṣe ni wọ́n pa lọ́lọ́ bí ẹni ń ṣọ̀fọ̀. Nọ́ọ̀sì ní ẹ̀fọn ni mí, pé ìyàtọ̀ kan ṣoṣo tó wà níbẹ̀ ni pé èmi máa ń kí èèyàn kú iṣẹ́ kí n tó kó àìsàn ràn án. Mo dárí jì í, ọmọdé ni.

Ọ̀gá àgbà ti wá ní bí orúkọ àwọn ọmọ náà kò bá padà kó tó di ọjọ́ Ẹtì, kí n kó kọ́kọ́rọ́ ọ́fíìsì sílẹ̀. Ọdún mọ́kàndínlógún ni kọ́kọ́rọ́ yẹn ti wà ní ìbàdí mi, ṣòkòtò mi kò mọ bí wọ́n ṣe ń dúró láìsí i.

Ìwọ tí wọ́n fi ṣọ́ kọ̀ǹpútà ilé iṣẹ́ ńlá, ojú rẹ là ń wò. Fi owó ìdérí ìgò ránṣẹ́ kí ìyá rẹ lè bá mi sọ̀rọ̀. Ohun tí o ń ṣọ́ kò ní bàjẹ́ mọ́ ọ lọ́wọ́.

Èmi ni bàbá rẹ.

Ìkéde tí mo lẹ̀ mọ́ ilẹ̀kùn ọ́fíìsì nìyí, kí o lè rí i pé mo ti gbọ́n:

ÌKÉDE PÀTÀKÌ LÁTI Ọ́FÍÌSÌ AKỌ̀WÉ
Láti òní lọ, ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ ti ohun tó bá rí he bọ kọ̀ǹpútà ilé ìwé yìí. 

Ọmọ mi, fúláàṣì náà wà nínú àpòòwé yìí. Kọ̀ǹpútà ibi iṣẹ́ rẹ tóbi ju tiwa lọ, ó yẹ kó mọ ẹni tó ni ín.