Ẹ Fi Sìdíkátù Sílẹ̀ Sí Ilé Ìwé

Ẹ kú ilé o, ẹ̀yin ìyá mi. Ẹ kú ọjà, ẹ kú ojú lọ́nà wa. Mo kí bàbá wa lórí ìdọ̀bálẹ̀, mo kí gbogbo agboolé wa ní Ìsàlẹ̀ Ọ̀yọ́. Mo ní kí wọ́n tẹ lẹ́tà yìí jáde nínú ìwé ìròyìn, kí ẹlòmíràn tó ní ọmọ tó sì ní ìsọ̀ lè bá yín kà á.

Mo gbọ́ pé ẹ ti sọ fún àdúgbò pé káṣíà ni mí ní ìsọ̀ ńlá kan ní Under G, lẹ́bàá yunifásítì, l'Ógbòmọ̀ṣọ́ níbí. Rárá o. Páálí ni mò ń rù. Ọyẹ́ ti la ètè mi. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tí a jọ jẹ́ ẹgbẹ́ ń wọlé, wọ́n ń jáde, kò sẹ́ni tó bi mí léèrè orúkọ mi rí.

Nígbà tí wọ́n fẹ́ mú káṣíà, ọ̀gá fún èmi àti ọmọbìnrin kan ní ìṣirò. Oníbàárà ra bíró mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Mẹ́wàá àkọ́kọ́ jẹ́ ₦200.50 lẹ́yọ kọ̀ọ̀kan, èyí tó bá lé jẹ́ ₦190.50. Lẹ́yìn náà, kí á yọ ìdá kan nínú mẹ́wàá àpapọ̀ owó náà fún un. Mo rẹ́rìn-ín sínú. Ọmọ ìsọ̀ ṣáà ni mí. Ní ìsọ̀ ọṣẹ yín, ẹni tó bá ti rà kọjá dọ́sìnnì kan, gbogbo ẹrù rẹ̀ ló ń bọ́ sí owó pọ́ọ́kú. Bẹ́ẹ̀ náà ni mo ṣe é. Mo ka gbogbo bíró sí ₦190.50, mo yọ ìdá náà, mo kọ ₦2,571.75. Èmi ni mo kọ́kọ́ parí.

₦2,661.75 ni ìdáhùn. Ọ̀gá ní mẹ́wàá àkọ́kọ́ kò kúrò ní owó tirẹ̀, márùn-ún tó lé nìkan ni ẹ̀dínwó bíró kàn. Ó ní bí mo bá ń tajà báyìí, n ó ta ìsọ̀ òun tán. Ọmọbìnrin náà, tó parí girama, ka ìbéèrè lẹ́ẹ̀mejì kó tó fọwọ́ kàn án. Òun ló wà nídìí owó báyìí. Ojú mi rí ohun tó ṣe àkàlàmàgbò tó fi dẹ́kun ẹ̀rín rínrín.

Ìyá mi, inú ń bí mi sí yín, n kò ní fi bò. JSS 2 ni mo wà tí ẹ fi ní kí n wá dúró ti ìsọ̀. Ẹ ní ẹni tó lè ṣírò owó lórí, kí ni tíṣà tún fẹ́ kọ́ ọ. Tíṣà wá bẹ̀ yín títí, ẹ ní kó máa lọ.

Bàbá wá sọ lórí fóònù pé Sìdíkátù àbúrò mi ti yára ṣírò ṣéńjì jù yín lọ, pé bí sáà yìí bá parí, òun ló kàn nídìí ìsọ̀. Inú wọn ń dùn. Omi bọ́ lójú mi.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má yọ ọ́ kúrò. Bí ẹ bá nílò ẹni tí yóò dúró ti ìsọ̀, èmi ni kí ẹ pè. N ó kó ẹrù mi wálé, n ó máa ta ọṣẹ títí yóò fi jáde girama. Ẹ ti lo ọ̀kan nínú wa, ẹ lò ó tán.

Ọlọ́hun á dá yín sí, á bù sí ọjà yín. Ẹ bá mi kí tọmọdé tàgbà. Ẹ kí Sìdíkátù kú ìwé kíkà.

Èmi ni Lùkúmánù, ọmọ yín.