Ìyá Rẹ Ti Gbà Láti Kó Lọ

Èmi, Vũ Khoát, Olórí Ẹbí Vũ ní abúlé Đồng Mít, ológun tó ti fẹ̀yìn tì, ẹni tí Alága abúlé máa ń ṣí fìlà fún kó tó kí ìyàwó ara rẹ̀, ni mo ń kọ ìwé yìí sí ìwọ Toản, àkọ́bí mi, ní ìlú Sài Gòn tí ilé ti ga débi pé ẹyẹ gbọ́dọ̀ sinmi lójú ọ̀nà kó tó dé orí òrùlé. Ṣé dáadáa ni o wà? Ṣé ara le? Ṣé o ń jẹun kánú, àbí ìrẹsì inú ike yẹn náà ni? Mo bu ọtí fún àwọn baba ńlá wa lórí pẹpẹ kí n tó mú bírò, gbogbo wọn ní kí n kí ọ. Wọn yóò máa ṣọ́ ọ nídìí ẹ̀rọ tí o fi ń rán bàtà fún àwọn ará Amẹ́ríkà. Abẹ́rẹ́ kò ní gún ọ, ọ̀gá kò ní kórìíra rẹ.

Gbogbo wa wà láàyè. Abo ẹlẹ́dẹ̀ bímọ rẹpẹtẹ, ó sì sùn lé ọ̀kan. Àbúrò rẹ obìnrin, Nhài, ń ṣe dáadáa. Ká sòótọ́, láti ọjọ́ tí mo ti dáyé n kò tíì rí ọmọ tó gbọ́n, tó lẹ́wà, tó sì ń gbọ́ràn tó o. Àwọn olùkọ́ rẹ̀ tí wọ́n ń sọ nǹkan mìíràn, ìlara ló ń pa wọ́n.

Ìròyìn tó ga jù rèé. Ẹ̀rọ asọ̀rọ̀ orí òpó tó wà ní ìyànà abúlé ló sọ ọ́ láàárọ̀ ọjọ́ kan, nígbà tí mo ń fọ eyín, pé orílẹ̀-èdè wa ń dàgbà, pé ó ń yára dàgbà ju àwọn aládùúgbò rẹ̀ lọ. Inú mi dùn. Ṣùgbọ́n mo rò ó títí dalẹ́, nítorí èmi tí mo ti sin màlúù àti ẹlẹ́dẹ̀, mo mọ̀ pé ohunkóhun tó bá ń dàgbà ń jẹun. Mo bi Alága léèrè pé kí ni orílẹ̀-èdè wa ń jẹ. Ó rẹ́rìn-ín, ó ní baba Khoát yìí náà, kì í rẹ̀ wọ́n. Kò pẹ́ lẹ́yìn náà ló mú ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó wọ bàtà dídán wá sínú ẹrẹ̀ oko wa. Ọmọ náà ní ilé iṣẹ́ ńlá kan ń bọ̀, wọn yóò máa ṣe wáyà tí àwọn èèyàn òkè òkun ń kì bọ etí gbọ́ orin, oko wa ni ẹnu ọ̀nà rẹ̀ yóò sì wà. Ìgbà yẹn ni mo mọ ohun tó ń jẹ.

Lạng aládùúgbò wa ti ta tirẹ̀. Ó kọ́ ilé alájà mẹ́ta, ó ra mọ́tò dúdú kan, àmọ́ ojú ọ̀nà ilé rẹ̀ kò gba mọ́tò, òun náà kò sì mọ̀ ọ́n wà. Ó gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ òpópónà, ó fi tapólì bò ó, ibẹ̀ ló ti ń jẹun ọ̀sán báyìí nítorí ẹ̀rọ afẹ́fẹ́ tútù inú rẹ̀. Ó ní ìdàgbàsókè dùn. Adìẹ rẹ̀ náà gbà bẹ́ẹ̀, abẹ́ mọ́tò ni wọ́n ń yé sí.

Èmi ò lè ṣe bí i Lạng, nítorí inú oko tiwa ni a sin ìyá rẹ sí. Ọmọ oníbàtà dídán ní wọ́n ti ṣe itẹ́ òkú tuntun sẹ́yìn òkè, funfun báláú, gbogbo rẹ̀ tò bí ilé ológun. Mo ní ìyá Toản ńkọ́, ṣé ó gbà? Ó ní èmi ni wọ́n ń bi. Mo ní èmi kọ́ ló ń sùn níbẹ̀.

Ni mo bá lọ sọ́jà, mo ra fóònù oníbébà nínú àwọn nǹkan tí a ń sun fún òkú. Mo kọ nọ́ńbà mi sí i lẹ́yìn gàdàgbà, mo sun ún lórí sàréè rẹ̀ pẹ̀lú tùràrí, mo ní kó pè mí, kó sọ tẹnu rẹ̀. Mo dúró títí, kò pè. Ìyàwó Lạng ló ní ṣé mo sun ṣájà mọ́ ọn? Mo ti gbàgbé! Mo padà lọ sun ṣájà.

Ọjọ́ kejì, fóònù mi dún. Ohùn obìnrin kan ni, ó dùn bí oyin. Ó kí mi tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀, ó ní ṣé a ti ronú láti kó lọ sí ilé tuntun, ibi tó dákẹ́ rọ́rọ́, tí afẹ́fẹ́ ń fẹ́ sí, tó kọjú sí omi, tí àwọn aládùúgbò jẹ́ èèyàn gidi. Kì í ṣe ohùn ìyá rẹ, ṣùgbọ́n ibi tó wà yẹn, wọ́n á ti ní akọ̀wé. Mo ní yàrá kékeré ti tó o, kó sáà kọjú sí ìlà oòrùn, kò fẹ́ràn ariwo. Ó ní ènìyàn mélòó ni yóò gbé ibẹ̀. Mo ní ẹnì kan ní báyìí, èmi náà ń bọ̀ tó bá yá. Ó ní ìgbà wo la fẹ́ kó wọlé. Mo ní ọjọ́ kẹrìnlá, oṣù òṣùpá kọkànlá. Ó ní òun kí wa kú oríire. Mo sunkún. Láti ìgbà náà ó ti tún pè léraléra. O mọ ìyá rẹ, kò ní sùúrù.

Nítorí náà mo ti tẹ̀ka fún ilé iṣẹ́. Ó wá ku ìwọ. Àkọ́bí ní í gé èékánná rẹ̀ kúrú, tí í kó egungun ìyá rẹ̀, tí í fi omi olóòórùn dídùn wẹ̀ ẹ́, tí í gbé e sínú àpótí amọ̀. Nígbà tí o sọ lórí fóònù pé ká háyà ẹni tí yóò bá wa ṣe é, mo ju fóònù sínú ìkòkò ìrẹsì, òótọ́ ni. Ìbínú yẹn ti lọ. Máa bọ̀. Fi owó àpótí àti aṣọ pupa tí a ó fi dì í ránṣẹ́ ṣáájú, kí o sì fi owó kẹ̀kẹ́ oníná kún un fún Nhài, pupa ni kó jẹ́, kó ní agbọ̀n níwájú. Ọ̀nà yóò ṣí fún ọ, ọmọ mi. Ohun tí o bá dì mú kò ní bọ́.

Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ má ya ìwé yìí o. Èmi Nhài ni. Bàbá ò mọ̀ nípa rẹ̀ rárá, èmi ni mo ń fi ohùn wọn sọ̀rọ̀, ẹ sì mọ̀ pé mo lè ṣe é dáadáa.

Ọ̀rọ̀ ìpè yẹn kì í ṣe irọ́. Obìnrin tó ń ta ilé ní ìlú ni. Abẹ́ fèrèsé ni mo wà, mo ń rẹ́rìn-ín kíkankíkan, àfi ìgbà tí mo rí Bàbá tí wọ́n fi etí aṣọ nu fóònù náà, tí wọ́n gbé e sórí pẹpẹ lẹ́gbẹ̀ẹ́ àwòrán Màmá. N kò lè rẹ́rìn-ín mọ́. N kò sì sọ fún wọn.

Ìbínú Bàbá tí mo ní ó ti lọ, kò tíì lọ. Wọn ò ní bẹ̀ yín láé. Ṣùgbọ́n lójoojúmọ́ ni wọ́n ń jókòó ní ìyànà, wọ́n ní àwọn ọkọ̀ akẹ́rù ilé iṣẹ́ làwọn ń wò. Ọkọ̀ akẹ́rù kì í sì í dúró níbẹ̀. Bọ́ọ̀sì tó ń ti gúúsù, lọ́dọ̀ yín, bọ̀ ló ń dúró níbẹ̀.

Mo mọ̀ pé ọ̀gá yín ní ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ kúrò títí bàtà Amẹ́ríkà yóò fi wọ ọkọ̀ ojú omi. Mo mọ̀ pé bí ẹ bá dìde, ẹlòmíràn yóò jókòó sídìí ẹ̀rọ yín. Ẹ gbàgbé kẹ̀kẹ́ yẹn, ẹ̀fẹ̀ ni. Àwọn àbúrò Bàbá ní bí àkọ́bí kò bá dé, káwọn lébìrà ilé iṣẹ́ kó Màmá pọ̀ mọ́ àwọn òkú yòókù, nítorí obìnrin kì í tọwọ́ bọ sàréè. Bàbá dìde, wọ́n lọ jókòó ní ìyànà.

Èmi wọlé, mo gé èékánná mi kúrú.