Aṣọ Iléèwé Méje fún Ọmọ Kan

Ọmọ mi, adúmáadán mi,

Lẹ́tà tó o kọ kẹ́yìn, "mo wà" nìkan ló wà nínú ẹ̀. Ó dáa, èmi náà wà. Ara mi le koko.

Níbi iṣẹ́ mi níbí, wọ́n ti gbé mi kúrò nídìí ìfọṣọ, eré tẹlifíṣọ̀n kan ni mo ń ránṣọ fún báyìí. Ọmọbìnrin ọlọ́dún mẹ́rìnlá, ẹgbẹ́ ẹ, ló wà nínú eré náà. Bí ojú bá ti tì í, ńṣe ló máa ń ga sí i, títí orí ẹ̀ á fi lu òrùlé já. Àwọn ará ilé ẹ̀ á máa jẹun lọ nísàlẹ̀, wọ́n á ní kó kúkú bá àwọn gbé iyọ̀ tó wà lókè pẹpẹ. Aṣọ iléèwé kan ṣoṣo ni mo rán ní ìwọ̀n méje fún un. Èmi àtàwọn tá a jọ ń ránṣọ rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú wa. Tèmi ló pẹ́ kó tó gbẹ.

Màmá àgbà ní o ti ga ju àwọn lọ, pé o máa ń ká èjìká mọ́ra bí o bá ń rìn.

Mo rán aṣọ kan fún ẹ lánàá. Ìgbà tí mo parí ẹ̀ ni mo rí i pé ìwọ̀n ẹ ti ìgbà tó o wà lọ́mọ ọdún mẹ́wàá ló wà nínú ìwé mi. Ìwọ̀n ti ọmọ inú tẹlifíṣọ̀n, méjèèje ni mo mọ̀ sórí.

Ọ̀rọ̀ wíwá mi sílé, ẹ jẹ́ ká ṣì ṣe sùúrù.

Bá mi kí Màmá àgbà. Ní kí wọ́n fi téèpù wọ̀n ẹ́ láti èjìká dé orúnkún. Bí wọ́n bá ń wọ̀n ẹ́, jọ̀ọ́, nàró.