Mo Pe "Yá" ní "Tà"

Ẹ̀gbọ́n mi Àbẹ̀kẹ́, ẹ kú ilé, ẹ sì kú ìdúró ti òkè wa. Mo dọ̀bálẹ̀ láti Peckham ní Lọ́ńdọ̀nù níbí. Ẹ̀yin lẹ tọ́ mi nígbà tí ìyá wa kú, nítorí náà ẹ̀yin ni mo gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ sọ fún: ikán kò jẹ bébà òkè. Èmi ni mo gbé e pamọ́.

Nígbà tí ilé-iṣẹ́ afọ́kùúta dé, Bàbá gbé ìwé àdéhùn tí bàbá tiwọn bá ìjọba ṣe lé mi lọ́wọ́, pé kí n túmọ̀ rẹ̀ sétí àwọn àgbà. Ohun tó wà níbẹ̀ ni pé a yá ìjọba ní ẹsẹ̀ òkè láti máa fọ́ òkúta. Tiwa ni òkè àti ìsun omi, ẹnikẹ́ni kò sì gbọdọ̀ gbẹ́ kọjá igi ìrókò láìbéèrè lọ́wọ́ wa. Mo pe "yá" ní "tà". Bàbá ní kí n tún un kà, pé bàbá àwọn kì í ta ilẹ̀. Mo tún un kà bákan náà, àwọn àgbà sì gba ọ̀rọ̀ mi; nígbà tí wọ́n tún bèèrè bébà náà, mo ní ikán ti jẹ ẹ́. Ọ̀gá ilé-iṣẹ́ náà ti ṣèlérí ilé-ìwé Lọ́ńdọ̀nù fún mi.

Mo lọ, mo sì kàwé náà. Iṣẹ́ tí mo sì ń fi í ṣe ni kí n máa túmọ̀ lẹ́tà káńsù, ìjọba ìbílẹ̀ ibí, fún àwọn ọmọ Yorùbá. N kò ṣi ọ̀rọ̀ kan túmọ̀ fún wọn rí. Nígbà tí káńsù fẹ́ wó ilé tí à ń gbé ní North Peckham, mo gbé ìwé ilé mi lọ sí gbogbo ìpàdé, mo ní kí wọ́n má fo ìlà kan. Ìyá Sẹ́rífá, aládùúgbò mi, ń pè mí ní Bàbá Onípépà, ó ní ṣé wọ́n máa sin ín mọ́ mi ni. Mo rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n ojú tì mí. Bébà tiwa wà nínú àpótí lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì mi.

Òtútù ibí ti wọ eegun mi, àmọ́ ìpè yín ọ̀sẹ̀ tó kọjá ló mú mi gbọ̀n. Ẹ ní katakata ti dé ìdí ìrókò, omi ìsun ti funfun bí ẹ̀kọ, adájọ́ sì ní kí ilé wa mú ìwé wá bí a bá ní a kò ta òkè. Ẹ tún ń tù mí nínú, pé ta ló lè bá ikán ṣẹjọ́. Mo ní nẹ́tíwọ́ọ̀kì kò dáa, mo pa fóònù.

Ẹ bá mi kí gbogbo ilé, tọmọdé tàgbà. Kí Ọlọ́run má jẹ́ kí ìsun náà gbẹ lójú yín. Fúnmi ọmọ mi ń bọ̀ lọ́jọ́ Ẹtì. Bébà náà wà lọ́wọ́ rẹ̀, pẹ̀lú ìwé tí mo fi jẹ́wọ́ irọ́ mi fún adájọ́. Ẹ pe àwọn àgbà jọ, kí ó kà á sí wọn létí. Yorùbá rẹ̀ kò dán, ṣùgbọ́n ó mọ̀ pé "yá" kì í ṣe "tà". Tó bá dé ìlà náà, ẹ ní kí ó tún un kà.

Èmi ni, àbúrò yín, ọmọ yín,
Àkànbí